Àmùrè Dákẹ́ ní Ọ̀sẹ̀ Kẹrìnlá

Fadérera ń jẹ iṣu àwo kejì lọ́wọ́ nígbà tí àmùrè tí wọ́n dè mọ́ ikùn rẹ̀ sọ̀rọ̀.

"Ẹ kú àárọ̀ o, ìyá wa. Àárọ̀ kẹta rèé. Mi ò gbọ́ ọkàn kejì."

Iṣu há a lọ́fun. Ohùn obìnrin ni ohùn àmùrè yìí, ó tutù, ó rọ̀, bí ohùn ẹni tí kò bá ẹnikẹ́ni jà rí láyé. Ohùn tó fi ń kí i kú àárọ̀ náà ló tún fi ń tú ọ̀rọ̀ burúkú sílẹ̀, kò gbé e sókè, kò gbé e wálẹ̀.

"Ọkọ̀ Ilé Abiyamọ ti gbéra. Yóò dé ọ̀dọ̀ yín kí oòrùn tó kàn àtàrí. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má jẹun mọ́. Ẹ má sì gbìyànjú láti tú mi."

Ìdè tó wà lẹ́yìn rẹ̀ dún kọ̀n. Àmùrè ti ti ara rẹ̀ pa.

"Màámi!"

Ìyá rẹ̀ sáré wọlé láti ẹ̀yìnkùlé, níbi tó ti ń bu omi sí iṣu inú àpò tí wọ́n so mọ́ ara ògiri. Gbogbo ilé ní Òkè-Ìsádi ló ń gbin iṣu sára ògiri báyìí, láti ìgbà tí ilẹ̀ ìsàlẹ̀ ti gbóná kọjá ohun tí irúgbìn lè fara dà. Aránṣọ ni màmá náà. Ó ti lé ní ogójì ọdún tó ti wà nídìí iṣẹ́ abẹ́rẹ́, kò sì sí ìgbà tí èèyàn yóò rí i tí òwú kan kò ní lẹ̀ mọ́ èjìká bùbá rẹ̀.

"Ó tún ti sọ ọ́?"

"Ó ti sọ ọ́, Màámi. Ó ní wọ́n ń bọ̀. Ó ti ti ara rẹ̀ pa."

Ìyá rẹ̀ wò ó, ó wo àwo iṣu, ó sì fi ìdí lé àpótí. "Jẹ oúnjẹ rẹ."

"Ó ní kí n má jẹun mọ́."

"Òun ló sè é ni?"

Lọ́jọ́ mìíràn, Fadérera ì bá rẹ́rìn-ín. Lónìí, ó ti àwo náà síwájú.

Ohun tó ń bà á lẹ́rù jù nínú gbogbo ọ̀rọ̀ náà ni iṣu yẹn gan-an. Oṣù mẹ́ta gbáko ni kò fi lè jẹun tó dúró. Òórùn epo a lé e jáde, omi lásán a gba ọ̀nà tó gbà wọlé padà. Ní bí ọjọ́ mélòó kan sẹ́yìn ló ṣàdédé jí tó rí i pé inú òun ti rọlẹ̀, ara òun fúyẹ́, ọmú tó ń ro ó kò ro ó mọ́, ebi sì ń pa á bí ẹni tó ti oko dé. Inú rẹ̀ dùn dé ẹ̀yìn. Àmùrè pàápàá bá a yọ̀ nínú ẹ̀kọ́ àárọ̀ tó máa ń kọ́ ọ.

"Ìyá wa, ẹ kú oríire. Ẹ ti bọ́ sí oṣù kẹrin," ló wí lọ́jọ́ náà. "Èébì yóò máa dá. Oúnjẹ yóò padà dùn lẹ́nu yín, agbára yín yóò padà. Imú yín lè máa dí, èrìgì yín lè ṣẹ̀jẹ̀ díẹ̀ tí ẹ bá ń rin orín. Ẹ̀gbẹ́ ikùn yín lè máa fà yín, torí ilé ọmọ ń gbòòrò. Ẹ kò tíì ní mọ̀ ọ́n lára pé ọmọ ń yí, ó di ọ̀sẹ̀ mélòó kan sí i. Ẹ má fòyà."

Ẹ má fòyà! Bí ẹ̀kọ́ gbogbo ṣe máa ń parí nìyẹn. Kò pẹ́ sí ìgbà yẹn ni àmùrè dákẹ́, gbogbo ohun tí Fadérera ti ń yọ̀ lé lórí sì di ẹlẹ́rìí tó ń takò ó. Ṣé pé èébì dá nítorí ó tó àkókò ni, àbí nítorí ẹni tó ń fà á kò sí mọ́? Ọmọ tí kò tíì tó ẹni tí ń yí, báwo ni ìyá rẹ̀ yóò ṣe bi í léèrè pé ṣé ó wà níbẹ̀? Ó ti tẹ́wọ́ lé ikùn títí, ooru ọwọ́ ara rẹ̀ nìkan ló gbọ́.

Nǹkan kan tún wà tí kò sọ fún ìyá rẹ̀. Láti ọjọ́ mẹ́ta yìí, bó bá ti bẹ̀rẹ̀ báyìí, nǹkan a gún un ní ẹ̀gbẹ́ òsì, wàì, a sì lọ. Lákọ̀ọ́kọ́ ó ní ilé ọmọ tó ń gbòòrò ni. Nísinsìnyí kò mọ ohun tí yóò pè é mọ́.

"Màámi, ẹ jẹ́ ká sá lọ bá Bánkọ́lé," ló wí. Bánkọ́lé ni ọkọ rẹ̀, ibi ìsédò lápá àríwá ló ti ń ṣiṣẹ́, ìrìn ọjọ́ méjì. Kò tíì gbọ́ nǹkan kan, torí Fadérera kò mọ ẹnu tí yóò fi sọ ọ́. "Bí wọ́n bá fún wa ní ọ̀sẹ̀ mélòó kan sí i, ọmọ yìí á yí, èmi fúnra mi á sì mọ̀."

"Ibo la fẹ́ sá sí tí ohun tó wà níkùn rẹ yẹn kò ní sọ ibi tí a wà?"

"Ẹ kò fẹ́ kó yè ni?"

Ọ̀rọ̀ náà ti bọ́ kó tó ká a mọ́ ẹnu. Ìyá rẹ̀ yí ojú sí ara ògiri, níbi tí àwòrán Ìbíyẹmí wà, ẹ̀gbọ́n Fadérera, tó ń rẹ́rìn-ín pẹ̀lú eyín iwájú tó ṣí díẹ̀. Ọdún kẹsàn-án rèé tí Ìbíyẹmí lóyún, tí oyún náà kú sí i nínú, tó sì ń sọ fún gbogbo ènìyàn pé ọmọ òun ń sùn ni. Nígbà tí ibà mú un, ó ti pẹ́ jù. Ọ̀pọ̀ obìnrin ló kú bẹ́ẹ̀ lọ́dún ooru ńlá yẹn. Màámi wà lára àwọn ìyá tó lọ jókòó síwájú ilé ìgbìmọ̀ fún ọjọ́ mẹ́jọ, tí wọn kò jẹun, títí òfin fi jáde: kí gbogbo aboyún máa dè àmùrè, kí àmùrè máa gbọ́ ọkàn ọmọ, àárọ̀ mẹ́ta tí kò bá sì gbọ́ ọ, kí wọ́n gbé ìyá lọ, kí wọ́n fọ inú rẹ̀ mọ́, kí òun náà má baà bá a lọ. Òfin àánú ni wọ́n pè é. Ẹni ejò bá ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló, sísá ni yóò sá.

"Ọ̀sán yẹn ni," ni Màámi sọ nígbà tó yá. Ohùn rẹ̀ kéré. "Ọ̀sán ìjẹta, tí wọ́n ní kí o wá fojú hàn ní Ilé Àkọsílẹ̀ tí wọ́n ti ń kọ orúkọ aboyún. Mo bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n jẹ́ kó di ìrọ̀lẹ́. Aboyún kì í rìn nígbà tí oòrùn bá wà ní àtàrí, ohun tí ń rìn lákòókò yẹn pọ̀. Akọ̀wé ọmọdé yẹn fi mí rẹ́rìn-ín. Ó ní ẹ̀rọ òun kò mọ ọ̀sán yàtọ̀ sí àárọ̀."

"Màámi, oòrùn kò pa ọmọ mi."

"Mo ṣe ohun tí mo lè ṣe."

"Kí lẹ ṣe?"

"Ohun tí ìyá ń ṣe." Ó dìde, ó sì gbá èérún iṣu orí tábìlì sọ́wọ́, bó tilẹ̀ jẹ́ pé èérún kankan kò sí níbẹ̀.

Ọkọ̀ dé láìpariwo. Funfun ni, kò ní awakọ̀, ó sì dúró síwájú ilé gẹ́lẹ́, bí ewúrẹ́ tó mọ ilé olówó rẹ̀. Ilẹ̀kùn ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ṣí fúnra rẹ̀, nọ́ọ̀sì kan sì sọ̀kalẹ̀. Olúfúnmbi lorúkọ tó wà láyà rẹ̀. Kò lè ju ọmọ ọgbọ̀n ọdún lọ. Ó kúnlẹ̀ kí Màámi dáadáa, èyí tó tún wá mú kí ẹ̀rù ba Fadérera sí i, torí ó ti ń gbàdúrà pé kí wọ́n rán ẹni burúkú tí òun lè bá jà.

"Ẹ pẹ̀lẹ́, mà. Ẹ jọ̀ọ́, èébì ti dá?"

"Ó ti dá," ni Fadérera fèsì.

"Ọmú ò dùn yín mọ́?"

"Kò dùn mí mọ́. Ṣùgbọ́n àmùrè ló sọ pé bẹ́ẹ̀ ni yóò rí! Ó ní tó bá di oṣù kẹrin..."

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà. Bẹ́ẹ̀ ló máa ń rí fún ẹni tí ọmọ rẹ̀ wà láàyè." Nọ́ọ̀sì rẹ ojú sílẹ̀. "Bẹ́ẹ̀ náà ló sì máa ń rí fún ẹni tí tirẹ̀ kò sí mọ́. Ìdí tí a fi ń fi etí gbọ́ nìyẹn."

"Fọwọ́ bà á wò," ni Màámi wí. "Ọmọ mi, mo bẹ̀ ọ́. Tẹ abẹ́ ìdodo rẹ̀, kí o gbọ́ bó ṣe le. Lánàá mo tẹ̀ ẹ́, ilé ọmọ ti gòkè kúrò níbi tó wà. Oyún tó kú kì í gòkè."

"Wọn ò kọ́ wa níyẹn, mà. Àmùrè ló ń gbọ́."

"Ẹ̀rọ tó ń ya àwòrán inú ńkọ́?"

"Wọ́n ti kó gbogbo ẹ̀ kúrò, mà, nígbà tí àwọn èèyàn ń fi í wo ọmọ inú kí wọ́n lè máa bí ọkùnrin nìkan. Tá a bá tiẹ̀ dé Ilé Abiyamọ, ọ̀rọ̀ tí àmùrè bá sọ ni ẹ̀rọ wa náà máa gbà." Ó wo Màámi. "Ẹ má bínú sí mi. Ẹ̀yin gan-an lẹ béèrè òfin yìí. Orúkọ yín wà lára ògiri wa, ojoojúmọ́ ni mò ń kọjá lábẹ́ ẹ̀."

Màámi kúrò lójú ọ̀nà fún un.

Bẹ́ẹ̀ ni Fadérera ṣe rìn jáde. Ó ń sọ ọ́ lọ́kàn fún ọmọ náà pé, yí, jọ̀ọ́, bó ṣe ìgbà kan péré, ta ẹsẹ̀ kan. Ó dé ẹnu ilẹ̀kùn ọkọ̀, ó tẹ̀ ba láti wọlé, nǹkan náà sì gún un ní ẹ̀gbẹ́ òsì, lọ́tẹ̀ yìí kò lọ. Ó jinlẹ̀ wọ inú ẹran. Ó kígbe, ó di ẹ̀gbẹ́ mú, nígbà tó sì gbé ọwọ́ kúrò, ẹ̀jẹ̀ ló rí.

"Ẹ̀jẹ̀! Màámi, ẹ̀jẹ̀!"

"Ó ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn," ni nọ́ọ̀sì wí wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, ó dì í lápá. "Ẹ pẹ̀lẹ́. Ẹ jókòó, mà. A ò ní pẹ́ dé."

Fadérera jókòó. Ìbẹ̀rù ti gba gbogbo orí rẹ̀, síbẹ̀ ibì kékeré kan níbẹ̀ ń sọ pé ẹ̀jẹ̀ oyún kì í gba ẹ̀gbẹ́ jáde. Ó wo ibi tó ti ń jáde. Àmì kékeré bí ojú ẹyẹ ni, lára àmùrè gan-an, lókè egungun ìbàdí. Ó fi ìka tẹ ibẹ̀. Ohun líle kan wà láàárín aṣọ náà, tín-ín-rín, ó gùn tó ìka ọwọ́ kan. Ìka rẹ̀ rìn lọ sí etí aṣọ. Gbogbo ojú rírán àmùrè ló gún régé bí ìlà, ẹ̀rọ ló rán an. Ṣùgbọ́n níbi kan, tí kò ju ìwọ̀n àtàǹpàkò lọ, ojú abẹ́rẹ́ náà dà sí ẹ̀gbẹ́ kan, ó kéré, ó há mọ́ ara, bí eyín ọmọ ọwọ́.

Ó mọ ojú abẹ́rẹ́ yẹn. Òun ló wà ní etí gbogbo aṣọ ilé-ìwé tó wọ̀ dàgbà.

Ó gbé ojú sókè wo ìyá rẹ̀ tó dúró lójúde. Màámi ń wo ìka ọmọ rẹ̀ lára àmùrè, ojú rẹ̀ sì ti yí padà. Ó dà bí ẹni pé ìgbà yẹn gan-an ni ọ̀rọ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yé òun náà.

Alẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú ọ̀sán Ilé Àkọsílẹ̀ yẹn ni Màámi ṣe é. Fadérera wà ní balùwẹ̀, àmùrè wà lórí àga níta, nítorí ìgbà ìwẹ̀ nìkan ló máa ń sùn. Píìnnì ni, èyí tí àwọn ìyá ń fi mọ́ aṣọ aboyún kí ohun tí ń rìn lọ́sàn-án má baà bá ọmọ inú pààrọ̀ àyè. Ilé Àkọsílẹ̀ kò gbà kí ó hàn lára aṣọ, ni Màámi bá fi í pamọ́ síbi tó sún mọ́ ọmọ jù lọ. Àárín fọ́nrán tí àmùrè fi ń gbọ́ràn ló tì í bọ̀. Ó dí ẹ̀rọ létí.

Inú bí Fadérera débi pé ojú rẹ̀ ṣú. Lẹ́yìn náà ni ẹ̀rù mìíràn wá bò ó, èyí tó tutù ju ti àkọ́kọ́ lọ, torí ó rí ohun tí wọ́n kọ sí inú ilẹ̀kùn ọkọ̀. Ó ti tọwọ́ bọ̀wé sí i ní Ilé Àkọsílẹ̀ láìka ọ̀rọ̀ náà sí. Ẹnikẹ́ni tó bá fọwọ́ kan inú àmùrè, wọn yóò mú un kúrò ní ilé aboyún lọ́jọ́ náà gan-an, kò sì ní fojú kan ọmọ náà títí ọmọ yóò fi pé ọdún méje. Bó bá jẹ́ aboyún fúnra rẹ̀ ló ṣe é, wọn yóò tì í mọ́ Ilé Ìṣọ́ títí yóò fi bí.

Ilẹ̀kùn bẹ̀rẹ̀ sí í rọra padé. Bó bá dákẹ́, ọmọ rẹ̀ ni yóò lọ. Bó bá sọ̀rọ̀, ìyá rẹ̀ ni. Ìyá rẹ̀ tó ti sin ọmọ kan.

Ó fi eyín já òwú náà.

"WỌ́N TI FỌWỌ́ KÀN MÍ!" Ohùn tí kò bá ẹnikẹ́ni jà rí kígbe tó fi mi ọkọ̀. Ilẹ̀kùn dúró. "WỌ́N TI FỌWỌ́ KÀN MÍ!" Nọ́ọ̀sì fò sẹ́yìn. Fadérera ti ìka bọ inú aṣọ, ó fà á, píìnnì náà sì bọ́ sílẹ̀ sórí irin, ó ti ṣí, ẹ̀jẹ̀ wà lẹ́nu rẹ̀.

Gbogbo nǹkan dákẹ́. Nínú ìdákẹ́ yẹn ni ẹ̀rù ba Fadérera jù láyé rẹ̀, torí kò sí àwáwí kankan mọ́. Bí kò bá gbọ́ nǹkan nísinsìnyí, kò tún sí ohun tó kù láti yọ.

Ó gbọ́ ọ. Ó kọ́kọ́ jìnnà, lẹ́yìn náà ó sún mọ́ tòsí, kùtùkùtùkùtùkùtù, bí ọmọ tó ń sáré láìwọ bàtà.

"Mo ń gbọ́ ọkàn kejì," ni àmùrè wí, ohùn rẹ̀ ti padà tutù. "Ẹ kú àárọ̀ o, ìyá wa. Ta ló fọwọ́ kàn mí?"

"Èmi ni," ni Fadérera wí kíákíá.

Nọ́ọ̀sì Olúfúnmbi ti kúnlẹ̀, omijé ń bọ́ lójú rẹ̀ láìnu ún. Ó mú etí àmùrè wò. "Ẹ̀yin lẹ rán èyí?"

"Èmi ni mo ní."

"Fadérera?" Màámi bú sẹ́rìn-ín lójúde, ẹ̀rín gidi. "Fadérera tí kò lè rán bọ́tìnnì kan mọ́ ẹ̀wù ọkọ rẹ̀? Ọmọ mi nọ́ọ̀sì, má jẹ́ kó tàn ọ́. Èmi Ìyá Ìbíyẹmí ni mo rán an. Wò ó bó ṣe dọ́gba."

"Màámi, ẹ dákẹ́!"

"Mo ti dákẹ́ ọjọ́ mẹ́ta, ó kù díẹ̀ kí n fi pa á."

"Ẹ ò bá ti pa á!" Fadérera pariwo, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. "Pẹ̀lú ọwọ́ yín, Màámi! Kí ló dé tẹ́ ẹ ò sọ fún mi?"

"Ẹ̀rù bà mí." Ìyá rẹ̀ sọ ọ́ bẹ́ẹ̀ lásán. "Mo rò pé mo pẹ́ jù kí n tó fi píìnnì náà síbẹ̀ ni. Mi ò mọ̀ pé òun ló ń di í létí."

Nọ́ọ̀sì wo àwọn méjèèjì. Ó tilẹ̀ la ẹnu bí ẹni tó fẹ́ wá ọgbọ́n kan dá. "Àmùrè ti gbọ́ ohùn yín, mà," ló wá sọ nígbẹ̀yìn. "Ó ti fi ránṣẹ́."

"Mo mọ̀. Mo wà níbẹ̀ nígbà tí wọ́n ń kọ òfin náà."

Wọ́n gbé Fadérera sọ̀kalẹ̀. Màámi gbá etí mọ́ ikùn rẹ̀, ó ṣe é pẹ́. Lẹ́yìn náà ó mú píìnnì, ó fi ìṣẹ́tí ìró nù ún, ó pa á dé, ó sì fi í mọ́ ìṣẹ́tí ìró ọmọ rẹ̀ nísàlẹ̀ pátápátá, níbi tó jìnnà sí àmùrè. Àpò iṣu ara ògiri ni nọ́ọ̀sì ń wò ní gbogbo àkókò yẹn, bí ẹni tó fẹ́ rà á.

"Ọdún méje," ni Màámi wí bó ti ń gòkè wọ ọkọ̀. Kò parí rẹ̀. Ó jókòó síbi tí ọmọ rẹ̀ ti dìde, ó yọ òwú kan kúrò ní èjìká rẹ̀. "Oòrùn ti ń lọ sí àtàrí. Má dúró síta. Wọlé, jẹ iṣu rẹ."

Ọkọ̀ lọ bó ṣe wá, láìpariwo. Fadérera wọlé. Iṣu ti tutù, ó jókòó síwájú rẹ̀, ó fi ọwọ́ kan bo ojú, ó sì ń fi èkejì jẹ ẹ́.

"Ìyá wa, ẹ̀kọ́ òní," ni àmùrè wí. Lẹ́yìn ohùn rẹ̀, ọmọ náà ṣì ń sáré. "Ní ọ̀sẹ̀ kẹrìnlá, ẹ lè máa sunkún láìnídìí. Ẹ má fòyà."